Ìka Bàbá Ọ̀ṣuntókun àti Ohùn Orin Màmá Cecilia

Àwọn èèyàn ní Bàbá Ọ̀ṣuntókun máa ń ka orí èèyàn ní ṣọ́ọ̀ṣì. Bí ẹ bá dé àdúgbò wa lẹ́yìn stéṣọ̀n rélùwéè l'Óṣogbo, ẹ ó gbọ́ ọ, torí títí di ọ̀sẹ̀ tí mo ń kọ èyí, wọn ò tíì gbẹ́nu kúrò níbẹ̀. Wọ́n ní bí orin bá ti bẹ̀rẹ̀, bàbá á gbé ọwọ́ ọ̀tún lé orúnkún, wọ́n á máa fi àtàǹpàkò kan ìka yòókù níkọ̀ọ̀kan, ètè wọn á máa mì. Ẹni tí kíkà bá parí sí lórí, onítọ̀hún ò ní rí ìkórè ọdún yẹn. Nọ́síràtù tó ń ta káàdì fóònù ní ìsọ̀ tó tẹ̀lé tèmi, Mùsùlùmí ni, kò dé ṣọ́ọ̀ṣì wa rí, síbẹ̀ òun ló kọ́kọ́ kì mí nílọ̀.

"Ìyá Testimony, wàláì, ẹ má jókòó sápá ọ̀tún bàbá yẹn o."

Mo ní, "Ta ló sọ fún ẹ?"

"Ta ni ò mọ̀? Apá òsì ni kẹ́ ẹ máa jókòó sí, ó sàn díẹ̀."

Irọ́ ni. Ọ̀rọ̀ orin ni bàbá máa ń kà, wọn ò ka orí ẹnikẹ́ni. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ nítorí pé àwọn fúnra wọn ló kọ́ mi ní kíkà náà, èmi tí mo ka ìwé mẹ́fà péré tí mo lọ kọ́ṣẹ́ ìránṣọ. Mo sì fẹ́ kọ ọ́ sílẹ̀ kí ẹni tó bá máa gbọ́ gbọ́.

Ọmọ Ifẹ̀wàrà ni bàbá. Oko kòkó ni bàbá tiwọn ní níbẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn ò fẹ́ràn oko. Wọ́n ní èèrà orí igi kòkó ta àwọn dé ibi tí àwọn ò lè fi han dókítà. Bí wọ́n ṣe jáde ilé ìwé báyìí, Òṣogbo ni wọ́n gbà wá, wọ́n di akọ̀wé rélùwéè, wọ́n sì ṣe é títí ọkọ̀ ojú irin fi di ohun tí à ń ròyìn fún ọmọ. Dùùrù ṣọ́ọ̀ṣì wa náà, àwọn ni wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ fún ogójì ọdún ó lé, kí etí wọn kan tó di, tí wọ́n fi gbé e fún àwọn tí etí wọn ṣì pé.

Ohun kan ṣoṣo ló wà lára wọn tí èèyàn fi lè sá fún wọn: wọn ò lè rí ohun tó wọ́ kí wọ́n má tún un ṣe. Wọ́n á tún ìkéde ṣọ́ọ̀ṣì ṣe lẹ́yìn tí alága ti kà á tán. Wọ́n á bá ọlọ́kadà tún kọ́là ẹ̀wù ṣe kí wọ́n tó gùn ún. Lọ́jọ́ tí mo ṣí ìsọ̀ mi síwájú ilé wọn, wọ́n dúró, wọ́n wo bọ́ọ̀dù mi títí.

"Ìyá Testimony, bọ́ọ̀dù rẹ ń ṣubú lọ sápá òsì."

Mo ní, "Bàbá, ó ti tó ọdún mẹ́ta tó ti ń ṣubú bọ̀ láti ìsọ̀ mi àtijọ́. Kò tíì balẹ̀."

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn, wọ́n wọlé lọ mú òòlù, wọ́n sì tún un kàn. Láti ọjọ́ náà ni a ti mọwọ́ ara wa.

Aṣọ kọ́yà ni iṣẹ́ tó pọ̀ jù lọ́wọ́ mi, èmi náà sì ń kọ áòtò níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan bàbá jókòó sórí bẹ́ǹṣì mi, mo ń ṣẹ́ etí ẹ̀wù wọn, ni mo bá bi wọ́n ní ohun tó ti ń jẹ mí lọ́kàn láti kékeré. Nínú ìwé orin wa, lókè orin kọ̀ọ̀kan, wọ́n máa ń kọ lẹ́tà kéékèèké síbẹ̀: C.M., S.M., L.M. Mo ní kí ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀.

"Fún mi ní téèpù rẹ," wọ́n ní. Mo fún wọn. Wọ́n nà án sókè. "Bí obìnrin méjì bá ní èjìká kan náà, ìbàdí kan náà, gígùn kan náà, ṣé ọ̀kan lè wọ bùbá ìkejì?"

"Tí wọ́n bá ń bára wọn sọ̀rọ̀."

"Wọ́n ń bára wọn sọ̀rọ̀."

"Á wọ̀ ọ́, Bàbá."

"Ìwọ̀n aṣọ ni lẹ́tà yẹn. Ọ̀rọ̀ orin ni ara, ohùn orin ni aṣọ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ orin tó bá jẹ́ C.M., ìlà mẹ́rin ni: sílébù mẹ́jọ, mẹ́fà, mẹ́jọ, mẹ́fà. Bí àlejò bá mú orin kan wá tí o kò mọ ohùn rẹ̀, wo lókè. Tó bá ti jẹ́ C.M., mú ohùn C.M. èyíkéyìí tí o mọ̀, gbé e wọ̀ ọ́. Á bá a mu."

Ẹ ò rí i bó ṣe rọrùn! Mo ti ń kọrin láti ìgbà tí mo wà ní kíláàsì kejì, kò sẹ́ni tó sọ bẹ́ẹ̀ fún mi rí. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí ìwé orin, mò ń wo òkè orin kiri bí ẹni ń wá sáìsì, títí mo fi kan ọ̀kan tí mi ò rí irú rẹ̀ rí. H.M. ni wọ́n kọ sí i.

Bàbá gba ìwé náà lọ́wọ́ mi, ohùn wọn sì rọ̀. "Èyí ṣọ̀wọ́n. Haleluya ni H yẹn, ìwọ̀n Haleluya. Ìlà mẹ́fà ni: mẹ́rin àkọ́kọ́ jẹ́ sílébù mẹ́fà mẹ́fà, méjì ìkẹyìn jẹ́ mẹ́jọ mẹ́jọ. Kò sí ohùn C.M. tó lè gbé e. Bí èèyàn kan ṣe wà nìyẹn tí èjìká rẹ̀ kò bá tẹnikẹ́ni mu, tí kò lè yá aṣọ wọ̀."

Mo ní mo ní oníbàárà bẹ́ẹ̀ n'Ígbọnà.

"Orin Cecilia nìyí," wọ́n ní, wọ́n sì fi ìka kà á fún mi lórí orúnkún wọn, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe é ní ṣọ́ọ̀ṣì gẹ́lẹ́:

*Ilé mi kò jìnnà,*
*Olúwa ń dúró*
*Lẹ́nu ọ̀nà fún mi;*
*Èmi yóò wọlé.*
*Ayọ̀ ni fún mi láti lọ,*
*Ilẹ̀kùn kò ní tì mọ́ mi.*

I, lé, mi, kò, jìn, nà: mẹ́fà. Ẹ̀yin náà ẹ kà á, ẹ ó rí i pé ó pé. Kíkà tí wọ́n fi ń ba bàbá lórúkọ jẹ́ nìyẹn.

Màmá Cecilia ni ìyàwó wọn, ọmọ Ọ̀tan-Ilé n'ílẹ̀ Ìjẹ̀ṣà. Obì ni wọ́n ń tà. Láràárọ̀ ni wọ́n máa ń jókòó ti agbọ̀n, wọ́n á máa ṣa obì, èyí tó dáa sápá kan, èyí tí kòkòrò jẹ sápá kan, orin yẹn á sì máa bẹ lẹ́nu wọn. Oṣù Òkúdù ọdún tó ṣáájú ọdún tó kọjá ni wọ́n kú. Àìsàn ọjọ́ mẹ́sàn-án ni.

Nígbà tó ku oṣù kan kí ọdún wọn pé, bàbá lọ bá Tiwalọlá, ọ̀gá kọ́yà wa. Ìjọba ló ń bá ṣiṣẹ́ ní Sẹkitéríàtì, ọmọ dáadáa ni, ọwọ́ rẹ̀ sì yá lórí kíbọ́ọ̀dù. Bàbá ní orin yìí ni àwọn fẹ́ kí gbogbo ìjọ kọ nínú ìsìn ìrántí. Tiwalọlá ò mọ ohùn rẹ̀.

"Kò sí wàhálà, Bàbá," ó ní. "C.M. kan wà tó dùn gan-an. A máa gbé e sí i."

Bàbá ní, "H.M. ni."

"Ẹ fi sílẹ̀ fún wa, Bàbá. Kọ́yà á mú un wọlé."

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ̀rín pa wá lọ́jọ́ ìdánrawò yẹn. Ìlà kìíní, ọ̀rọ̀ ti tán, ohùn ò tán, a bá ń fa "jìnnà" bí ẹni ń fa okùn kànga. A fà á, a wọ́ ọ, a rá kòrò dé ìlà kẹrin, ni ohùn bá tán pátápátá, ìlà méjì ṣì wà lọ́wọ́ wa tí kò rí ibi wọ̀. Àwọn tẹ́nọ̀ padà sí ìbẹ̀rẹ̀, àwa áòtò dúró, oníbáàsì kan ṣoṣo ń dá kọrin lọ. Ẹni tó ń rẹ́rìn-ín pọ̀ ju ẹni tó ń kọrin lọ. Bàbá nìkan ni kò rẹ́rìn-ín.

Ojú ti Tiwalọlá. Kó tó di ọ̀sẹ̀ kejì ó ti wá ohùn tí ìwé yàn fún orin náà gan-an rí lórí fóònù rẹ̀, ó kọ́ ọ, ó sì tẹ̀ ẹ́ fún bàbá láìsí àléébù. Bàbá dẹ etí wọn tó gbọ́ràn sí i títí ó fi parí.

"Ó pé," wọ́n ní. "Bí ìwé ṣe wí gẹ́lẹ́ nìyẹn. Kì í ṣe bí Cecilia ṣe ń kọ ọ́."

Ìsọ̀ mi ni wọ́n wá jókòó sí lẹ́yìn náà. Wọ́n ní:

"Ohùn tirẹ̀ ló dá sílẹ̀. Ọdún méjìdínláàádọ́ta ni mo fi gbọ́ ọ láràárọ̀, Ìyá Testimony, n kò sì lè rántí ẹ̀. Bí mo bá ti la ẹnu, ti inú ìwé ló máa bọ́ sí mi lẹ́nu. Èmi ni mo kó ti ìwé bá a. Màá máa fi ìka kan tábìlì, màá ní, 'Cecilia, ìwé ò wí bẹ́ẹ̀.'"

"Kí ni wọ́n máa ń dá yín lóhùn?"

"'Kí ìwé máa kọ tiẹ̀.'"

Mo fẹ́ rẹ́rìn-ín, mo wo ojú wọn, mo gbé e mì.

"Etí kan ló kù fún mi," wọ́n ní, "èyí tó kù náà ti ń rẹ̀ ẹ́. Bí mi ò bá gbọ́ ohùn yẹn lọ́dún yìí, mi ò tún lè gbọ́ ọ mọ́ láyé."

Mo ní ta ló tún mọ̀ ọ́n. Wọ́n ní Phebe ni, àbúrò Cecilia, l'Ọ̀tan-Ilé, ṣùgbọ́n Phebe ò fẹ́ràn àwọn.

"Kí lẹ ṣe fún wọn?"

"Nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ilé ìwé, ó kọ lẹ́tà sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Mo fi bírò pupa tún un ṣe, mo sì fi ránṣẹ́ padà sí i."

"Háà! Bàbá!"

"Àṣìṣe mọ́kànlá ló wà níbẹ̀," wọ́n ní, bí ẹni pé ìyẹn á ràn wọ́n lọ́wọ́.

Ọjọ́bọ̀ ni mo ti ìsọ̀ pa, mo bá wọn lọ. A wọkọ̀ gba Ìbòkun, a dé Ọ̀tan-Ilé kí oòrùn tó mú. Màmá Phebe wà níwájú ilé, wọ́n ń fi ẹsẹ̀ tú kòkó tí wọ́n sá sórí kankéré. Wọ́n rí wa, wọn ò dá ẹsẹ̀ dúró.

"Ẹ káàbọ̀ o, Bùrọ̀dá Akọ̀wé. Ṣé ẹ mú bírò pupa dání?"

Bàbá, arúgbó ẹni ọdún méjìlélọ́gọ́rin, tẹ̀ ba, wọ́n fi ọwọ́ kan ilẹ̀. "Àna mi, ẹ̀bẹ̀ ni mo bá wá."

"Ta lẹ mú wá?"

"Ìyá Testimony. Òun ló ń rán aṣọ kọ́yà wa."

"Ẹ kú ìrìn, Ìyá Testimony. Ṣé wọn ò tíì tún orúkọ yín ṣe?"

Mo ní bọ́ọ̀dù mi ni wọ́n kọ́kọ́ tún ṣe. Ó pa Màmá Phebe lẹ́rìn-ín, wọ́n fún wa ní àga. Ṣùgbọ́n nígbà tí bàbá sọ ohun tó gbé wa wá, ẹ̀rín yẹn kúrò lójú wọn.

"Kí n kọ ọ́, kẹ́ ẹ tún un ṣe?"

"N kò ní tún un ṣe."

"Bùrọ̀dá, ẹ gbọ́. Bí Àǹtí mi bá wá kí wa ńbí, wọn kì í tíì sọ ẹrù kalẹ̀ tán tí wọ́n á fi bẹ̀rẹ̀ orin yẹn. Wọ́n á ní, 'Phebe, jẹ́ kí n kọ ọ́ dé òpin kí n tó padà lọ bá tíṣà mi.' Wọ́n á máa rẹ́rìn-ín o. Wọn ò sọ̀rọ̀ yín láìdáa rí. Ṣùgbọ́n ńbí nìkan ni wọ́n ti ń kọ ọ́ dé òpin láìsí ẹni tó dá sí i."

Bàbá wo kòkó tó wà nílẹ̀. Mo ń rò ó pé a ti rìn lásán.

Màmá Phebe fa àpótí kan, wọ́n jókòó kojú wọn. "Ó dáa. Ẹ ki ọwọ́ yín méjèèjì bọ abẹ́ itan."

"Kí ló dé?"

"Kẹ́ ẹ má baà kà á. Ẹ jókòó lé e. Títí n ó fi kọ ọ́ tán, ẹnu yín ò gbọ́dọ̀ là."

Ẹ wá wo bàbá akọ̀wé, wọ́n jókòó lé ọwọ́ bí ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi. Màmá Phebe sì mú orin. Ohùn wọn ti gbó, ó tín-ín-rín, ṣùgbọ́n ó dúró. Kò jọ ti inú ìwé rárá. Ti inú ìwé máa ń gbé ọ̀rọ̀ lọ sókè níbi tí ẹnu wa ń gbé e sílẹ̀. Èyí ń lọ bí ìgbà tí èèyàn ń bá ẹni tó ti pẹ́ tó ti mọ̀ sọ̀rọ̀ lójú ọ̀nà oko. Ìlà kìíní, ìkejì, ìkẹta. Wọ́n dé "Èmi yóò wọlé," wọ́n sì dákẹ́.

Dídákẹ́ yẹn gùn. Mo rí bàbá tí wọ́n mí sínú, tí ẹnu wọn fẹ́ là láti fi ọ̀rọ̀ tó kàn bọ̀ wọ́n lẹ́nu. Màmá Phebe wò wọ́n ní ìwò kan. Bàbá pa ẹnu dé. Lẹ́yìn náà ni Màmá Phebe wá wọlé rọra, "Ayọ̀ ni fún mi láti lọ," ohùn sì sọ̀ kalẹ̀ lórí ìlà ìkẹyìn bí ìgbà tí èèyàn bọ́ bàtà.

Bàbá bi wọ́n. "Ibi tí o dúró sí yẹn. Ṣé o gbàgbé ni?"

"Gbàgbé kẹ̀? Bẹ́ẹ̀ ló wà. Àǹtí mi ní ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé gbọ́dọ̀ dúró wo inú ilé ná, kó tó sọ pé ayọ̀ ni."

"Mo rò pé ó ń gbàgbé ni," bàbá ní. "Ojoojúmọ́ ló máa ń dúró níbẹ̀. Èmi ni mo máa ń bá a sọ ìlà karùn-ún. Mo rò pé mò ń ràn án lọ́wọ́ ni."

Màmá Phebe wò wọ́n títí. Wọ́n dìde, wọ́n wọlé, wọ́n gbé omi àti bọ̀ọ̀lì jáde, wọ́n bó èyí tó rọ̀ jù fún bàbá. "Àǹtí mi mọ̀ bẹ́ẹ̀," wọ́n ní. "Wọ́n ní, 'Ó rò pé mo gbàgbé, jẹ́ kó máa sọ ọ́, inú ẹ̀ máa ń dùn.'"

Bàbá rẹ́rìn-ín. Ẹkún wà nínú ẹ̀rín náà, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ni. "Ṣé mo lè yọ ọwọ́ mi báyìí? Ó ti kú tipiri."

"Ẹ yọ ọ́. Ẹ má ṣáà kà."

Ìgbà mẹ́rìnlá ni Màmá Phebe kọ ọ́ lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn kí ó tó mọ́ mi lẹ́nu. N kò mọ dò-rè-mí kọ, etí ni mo fi gbé e. Nígbà tí mo wá dá a kọ láì ṣi ibì kankan, Màmá Phebe ní kí n wá máa ṣọmọ àwọn. Nínú ọkọ̀ tó ń gbé wa padà, gbogbo ìgbà tí mo bá dákẹ́ ni bàbá ń ní, "Tún un kọ." Títí a fi wọ Òṣogbo ni dírẹ́bà náà ń bá mi gbè é.

Ọjọ́ ìsìn ìrántí, Màmá Phebe wá, iwájú ni wọ́n jókòó sí pẹ̀lú bàbá. Mo ti kọ́ kọ́yà, kọ́yà ti kọ́ ìjọ lọ́jọ́ Ìsinmi méjì. A dé "Èmi yóò wọlé," gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì sì dákẹ́, ó kù díẹ̀ kí n gbọ́ fáànù. Àfi katikíìsì wa àtijọ́ tó sùn lọ́jọ́ tí a kọ́ ọ, ó bú sí i láti ẹ̀yìn: "Ayọ̀..." Bàbá Ọ̀ṣuntókun yíjú, wọ́n fi ìka kan ètè. "Dúró," wọ́n ní. "Ó ń wo ilé." Gbogbo ìjọ dúró. Lẹ́yìn náà ni a wọlé papọ̀, mi ò sì lè sọ fún yín bó ṣe rí, torí omi ojú ò jẹ́ kí n rí kọ́yà.

Nígbà tí ọdún ń parí lọ ni ara bàbá kò yá mọ́. Tiwalọlá ti kọ ohùn náà sí dò-rè-mí, ó fẹ́ lẹ̀ ẹ́ mọ́ ìwé orin kọ́yà wa, ṣùgbọ́n gbogbo ohùn orin ló ń ní orúkọ tirẹ̀. Wọ́n máa ń fi orúkọ ìlú pe òmíràn. Ó rán mi láti bi bàbá lórúkọ tí yóò kọ sí i, àti bóyá kó kọ pé àwọn ni wọ́n ṣe é. Mo gbé ẹ̀kọ gbígbóná dání lọ. Wọ́n mu síbí mẹ́ta. Mo jẹ́ iṣẹ́ náà fún wọn sínú etí tó gbọ́ràn, wọ́n sì di ọwọ́ mi mú. Ọjọ́ kejì ni wọ́n kú, nítorí náà ohun tí wọ́n sọ fún mi kẹ́yìn nìyí:

"Kò gbọ́dọ̀ kọ orúkọ mi síbì kankan. Kó pè é ní Ọ̀tan-Ilé. Kó kọ ọ́ gàdàgbà pé Cecilia ló ṣe é, kó kọ H.M. sábẹ́ ẹ̀. Tó bá kọ ọ́ tán, kó fi han Phebe kó tó lẹ̀ ẹ́. Tí Phebe bá rí àṣìṣe níbẹ̀, kó fún un ní bírò pupa."